Nígbà tí Iyè Àgbà Bá Ń Ra: Ohun tó Yẹ Ká Mọ̀ nípa Àrùn Ìgbàgbé àti Bá A Ṣe Lè Tọ́jú Ẹni tó Ní I

Ọ̀rọ̀ tá a gbé wá lónìí wà nínú ọ̀pọ̀ ilé, ṣùgbọ́n wọn kì í fẹ́ sọ ọ́ síta. Ọ̀rọ̀ àwọn bàbá àti ìyá wa tí iyè wọn ń ra ni.

Nílé kan, wọ́n á ní ìyá àgbà ti ń ṣarán. Nílé kejì, wọ́n á ní ayé ló fi nǹkan ṣe é. Nílé kẹta, ohun tí wọ́n ń sọ burú jù bẹ́ẹ̀ lọ: wọ́n á ní òun fúnra rẹ̀ ni àjẹ́, pé ohun tó ti ṣe sẹ́yìn ló ń dà á láàmú. Orúkọ tí wọ́n bá fún àìsàn náà ló máa sọ bí wọ́n ṣe máa ṣe sí aláìsàn. Ẹni tí wọ́n ní ó ń ṣarán, wọ́n á fi í sílẹ̀ nínú yàrá. Ẹni tí wọ́n ní ayé ṣe, wọ́n á máa gbé e kiri títí owó ilé á fi tán. Ẹni tí wọ́n pè ní àjẹ́, wọ́n lè lé e jáde, wọ́n lè dè é mọ́lẹ̀, wọ́n sì lè nà án. Bẹ́ẹ̀, àìsàn ọpọlọ kan náà ló ń ṣe àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Ìdí nìyẹn tá a fi fẹ́ ṣàlàyé ohun tí àìsàn yìí jẹ́, ohun tí kì í ṣe, àti ohun tí àwa tá a wà nílé lè ṣe.

Kí ni àrùn náà gan-an?

Àwọn dókítà ń pè é ní *démence* lédè Faransé. Orúkọ yẹn máa ń dẹ́rù ba àwọn èèyàn, torí wọ́n rò pé wèrè ló túmọ̀ sí. Kì í ṣe wèrè. Ohun tó túmọ̀ sí ni pé àrùn kan ń ba ọpọlọ jẹ́ díẹ̀díẹ̀, débi pé ẹni náà kò lè rántí nǹkan, kò lè ronú, kò lè sọ̀rọ̀, kò sì lè bójú tó ara rẹ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́.

Ọjọ́ ogbó nìkan kọ́ ló ń fà á. Lóòótọ́, àwọn tó ti lé ní ọdún 65 ló wọ́pọ̀ láàárín, àmọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn ló pé ọdún 90 tí orí wọn ṣì pé, tí wọ́n ṣì ń pa ìtàn ìlú fún wa. Gbogbo àgbà ló máa ń gbàgbé nǹkan díẹ̀. Báwo la ṣe máa wá mọ̀ pé ti ẹnì kan ti kọjá ti àgbà? Ẹ wo àwọn nǹkan wọ̀nyí:

– Àgbà tí ara rẹ̀ le lè gbàgbé ibi tó fi kọ́kọ́rọ́ sí. Ẹni tó ní àrùn yìí lè mú kọ́kọ́rọ́ dání kó má mọ ohun tí wọ́n ń fi ṣe.

– Àgbà tí ara rẹ̀ le lè pe Adé ní Dele, kó tó wá rántí. Ẹni tó ní àrùn yìí lè wo ọmọ bíbí inú rẹ̀ kó bi í pé, "Ìwọ ta ni?"

– Àgbà tí ara rẹ̀ le lè ṣi ọjọ́ ọjà mọ̀ lẹ́ẹ̀kan. Ẹni tó ní àrùn yìí, tó ti ń ná ọjà ọrọọrún láti kékeré, lè dé ọjà kó má mọ ọ̀nà ilé mọ́, tàbí kí ó má lè ka ṣẹ́ńjì 500 sẹ́fà fún oníbàárà.

– Àgbà tí ara rẹ̀ le lè sọ ìtàn kan náà lẹ́ẹ̀mejì lọ́sẹ̀. Ẹni tó ní àrùn yìí lè bi yín ní ìbéèrè kan náà lẹ́ẹ̀mẹ́wàá láàárín wákàtí kan, torí pé kò rántí pé òun ti bi yín, kò sì rántí èsì yín.

Ohun tó yẹ ká máa wò ni ìyàtọ̀ láàárín ẹni náà bó ṣe wà tẹ́lẹ̀ àti bó ṣe wà báyìí. Ìyá tó ń se ọbẹ̀ tó dùn tẹ́lẹ̀, tó wá ń fi iyọ̀ sí i lẹ́ẹ̀mẹ́ta tàbí tó gbàgbé iná lábẹ́ ìkòkò. Bàbá onísùúrù tó wá di ẹni tó ń bínú sódì. Bí irú ìyípadà bẹ́ẹ̀ bá ti ń lọ fún oṣù mélòó kan tó sì ń pọ̀ sí i, ẹ má ṣe fọwọ́ rọ́ ọ sẹ́yìn.

Ibo ni orúkọ Alzheimer ti wá?

Àrùn tó ń fa ìgbàgbé yìí ju ẹyọ kan lọ. Èyí tó wọ́pọ̀ jù ni ti Alzheimer. Nínú 100 ẹni tí ìgbàgbé yìí ń bá jà, bí 60 sí 70 ló jẹ́ pé òun ló ń ṣe wọ́n. Orúkọ dókítà ará Jámánì kan ni, Alois Alzheimer. Ní ọdún 1901, wọ́n gbé obìnrin kan tó ń jẹ́ Auguste Deter wá sí ilé ìwòsàn tó wà ní Frankfurt. Obìnrin náà kò tíì ju ẹni ọdún 51 lọ, síbẹ̀ kò lè rántí nǹkan mọ́, ó sì ń fura sí ọkọ rẹ̀. Lẹ́yìn tó kú ní ọdún 1906, dókítà yẹn yẹ ọpọlọ rẹ̀ wò, ó sì rí i pé ó ti súnkì, pé àwọn ìdọ̀tí kan ti dì mọ́ ọn. Ohun tí ojú rí ni, ohun tí ọwọ́ tó. Láti ìgbà yẹn ni ayé ti mọ̀ pé nǹkan kan ló ń bà jẹ́ nínú ọpọlọ, bí ojú ṣe ń fọ́, bí orúnkún ṣe ń dùn.

Irú kejì máa ń wá látinú ẹ̀jẹ̀ tí kò dé ibi tó yẹ nínú ọpọlọ. Ẹni tí *tension* rẹ̀ ga fún ọ̀pọ̀ ọdún láìtọ́jú, tàbí tí rọpárọsẹ̀ ti kọlù lẹ́ẹ̀kan tàbí lẹ́ẹ̀mejì, lè ní in. Irú kẹta máa ń jẹ́ kí èèyàn rí ohun tí kò sí níbẹ̀: á ní òun rí àwọn ọmọ kéékèèké nínú yàrá, tàbí ẹran lórí ibùsùn, ara rẹ̀ á sì máa gan. Irú kẹrin máa ń kọ́kọ́ ba ìwà jẹ́ kó tó kan ìrántí: ẹni tó nítìjú tẹ́lẹ̀ á máa sọ ìsọkúsọ, tàbí kó tú aṣọ sílẹ̀ ní gbangba. Ẹ rántí irú kẹta àti ìkẹrin yìí dáadáa, torí pé àwọn ló ń kó ọ̀pọ̀ arúgbó sínú wàhálà lọ́dọ̀ wa.

Ṣé ó wà lọ́dọ̀ wa, àbí àrùn àwọn òyìnbó ni?

Ó wà lọ́dọ̀ wa. Àjọ Ìlera Àgbáyé (OMS) sọ pé ní ọdún 2021, èèyàn mílíọ̀nù 57 ló ní àrùn ìgbàgbé lágbàáyé, àti pé ó lé ní 60 nínú 100 wọn tó ń gbé ní àwọn orílẹ̀-èdè tí owó kò ti pọ̀.

Ní Bẹ̀nẹ̀ níbí, àwọn onímọ̀ ti lọ yẹ àwọn àgbà tó ti pé ọdún 65 wò. Ní Djidja, ní ìgbèríko, wọ́n rí i pé bí 26 nínú 1000 ló ní i. Ní Kútọnu, ó jẹ́ bí 37 nínú 1000. Nítorí náà, kò yẹ kí ẹnikẹ́ni rò pé ilé tòun nìkan ló ti ń ṣẹlẹ̀.

Àwọn Yorùbá pàápàá ti kópa nínú ìwádìí ńlá kan lórí ọ̀rọ̀ yìí. Láti ọdún 1992, àwọn dókítà ní Ìbàdàn, lára wọn ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Oṣùntókun àti Ọ̀jọ̀gbọ́n Ògúnníyì, bẹ̀rẹ̀ sí fi àwọn àgbà àdúgbò Ìdíkàn wé àwọn àgbà aláwọ̀ dúdú tó wà ní Indianapolis ní Amẹ́ríkà. Nígbà tí wọ́n gbé èsì jáde ní ọdún 2001, wọ́n ní nínú 1000 àgbà, àwọn tó ń ṣẹ̀ṣẹ̀ kó àrùn ìgbàgbé lọ́dún kan kò ju bí 14 lọ ní Ìbàdàn, àmọ́ ó tó 32 ní Indianapolis. Wọ́n sì ṣàkíyèsí pé ẹ̀jẹ̀ ríru àti àtọ̀gbẹ kò pọ̀ ní Ìdíkàn tó bó ṣe pọ̀ lọ́hùn-ún. Ẹ̀kọ́ wà níbẹ̀ fún wa, torí pé oúnjẹ tiwa náà ti ń yí padà: kúùbù inú ọbẹ̀ ń pọ̀ sí i, ohun mímu aládùn ń pọ̀ sí i, ẹsẹ̀ rínrìn sì ń dín kù.

Àjẹ́ kọ́

Àwọn àgbà ní, àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí. Ta ni kò mọ̀ pé àjẹ́ àná ló pa ọmọ jẹ? Òwe yìí ni ọ̀pọ̀ èèyàn fi ń ṣe ẹjọ́ arúgbó. Ìyá kan jáde lóru, ó ń sọ̀rọ̀ lóun nìkan, lọ́jọ́ kẹta ibà pa ọmọ kan ládùúgbò, ló bá di pé ìyá yẹn ni. Ẹ jẹ́ ká wo àwọn ohun tí wọ́n fi ń fẹ̀sùn kàn wọ́n, lọ́kọ̀ọ̀kan.

*Ó ń rìn lóru.* Inú ọpọlọ ni ohun tó ń sọ fún wa pé ilẹ̀ ti ṣú tàbí ilẹ̀ ti mọ́ wà. Nígbà tí àrùn bá bà á jẹ́, òru á dà bí ọ̀sán. Ó jí ní aago méjì òru, ó rò pé ó yẹ kóun máa lọ sóko, ló bá mú ọ̀nà pọ̀n.

*Ó ń bá òkú sọ̀rọ̀.* Àrùn yìí máa ń kọ́kọ́ nu ohun tó ṣẹlẹ̀ lánàá àti lọ́dún tó kọjá. Ohun ìgbà èwe ló máa ń pẹ́ jù lórí. Nítorí náà, ìyá ẹni ọdún 80 lè máa pe ìyá rẹ̀ tó ti kú láti 40 ọdún, torí pé lójú tirẹ̀, ọmọbìnrin kékeré lòun ṣì jẹ́, nínú agbo ilé bàbá rẹ̀.

*Ó ń rí ohun tí a kò rí.* A ti sọ ọ́ lókè pé irú àrùn kan wà tó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ojú tí kò ríran dáadáa àti iná tí kò mọ́lẹ̀ tún ń dá kún un.

*Ó ní wọ́n ń ja òun lólè.* Ó fi owó pamọ́ sábẹ́ ẹní, ó gbàgbé pé òun fi pamọ́, kò bá a níbi tó rò pé ó wà. Kí ló kù tó máa rò? Ẹni tó sì ń tọ́jú rẹ̀ lójoojúmọ́ ló máa ń fẹ̀sùn kàn, torí òun ló sún mọ́ ọn jù. Aya ọmọ ló sábà máa ń jẹ ìyà ọ̀rọ̀ yìí. Kó má gbà á sí ìkà. Àrùn ló ń sọ̀rọ̀.

*Òun fúnra rẹ̀ jẹ́wọ́.* Èyí ló burú jù. Wọ́n á pe ìyá arúgbó sáàárín èrò, wọ́n á máa pariwo lé e lórí pé, "Ṣé ìwọ lo pa á?" Ó á ní, "Ẹ̀n, èmi ni." Wọ́n á ní ó ti jẹ́wọ́. Kò jẹ́wọ́ nǹkan kan. Kò lóye ìbéèrè náà, ẹ̀rù ń bà á, ó sì ti mọ̀ pé tóun bá ní "bẹ́ẹ̀ ni," àwọn èèyàn á dákẹ́. Bí ẹ bá fẹ́ mọ̀ pé òótọ́ la sọ, ẹ bi í bóyá òun ló kọ́ afárá Kútọnu. Ó ṣeé ṣe kó ní òun ni. Ìjẹ́wọ́ ẹni tó ní àrùn yìí kò lè di ẹ̀rí, ẹni tó bá sì tìtorí rẹ̀ nà án tàbí lé e jáde ti ṣe ohun tí òfin kà sí ọ̀ràn.

A kò ní kí ẹnikẹ́ni má gbàdúrà fún àgbà rẹ̀, ní mọ́ṣáláṣí, ní ṣọ́ọ̀ṣì tàbí nídìí ẹ̀sìn àbáláyé. Àmọ́ ibi tí wọ́n bá ti ní kó gbààwẹ̀, kí wọ́n fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ dè é, tàbí kí wọ́n nà án kí ohun tó wà lára rẹ̀ lè jáde, ẹ gbé e kúrò níbẹ̀. Arúgbó tí ebi àti òùngbẹ bá ń pa, ọpọlọ rẹ̀ á tún dàrú sí i ni.

Kí ẹ tó sọ pé òun ni, ẹ lọ rí dókítà

Gbogbo ìgbàgbé kọ́ ni kò gbóògùn. Àwọn àìsàn kan wà tó ń fara jọ ọ́, tí wọ́n sì ṣeé wò: ibà tí à ń pè ní palu, kòkòrò inú ọ̀nà ìtọ̀, àìmu omi tó, ìbànújẹ́ ńlá lẹ́yìn tí ọkọ tàbí aya kú, àìtó fítámì B12, àìsàn *thyroïde* tó wà lọ́rùn, ẹ̀jẹ̀ tó dì sínú agbárí lẹ́yìn ìṣubú, àti oògùn tó pọ̀ jù tàbí tí kò bá ara mu.

Ẹ fi èyí sọ́kàn: àrùn ìgbàgbé tòótọ́ máa ń wá díẹ̀díẹ̀, fún oṣù àti ọdún. Bí orí àgbà bá dàrú lójijì, láàárín ọjọ́ kan tàbí méjì, ìyẹn kì í ṣe ọ̀rọ̀ kí a máa wòye. Bí ẹnu rẹ̀ bá wọ́, tàbí tí apá kan kò ṣeé gbé, rọpárọsẹ̀ ni. Ọjọ́ yẹn gan-an ni kí ẹ gbé e lọ.

Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti *centre de santé* tó sún mọ́ yín. Wọ́n á wọn ẹ̀jẹ̀ rẹ̀, wọ́n á yẹ ṣúgà rẹ̀ wò. Bó bá yẹ, wọ́n á kọ ìwé fún yín lọ sọ́dọ̀ dókítà tó mọ̀ nípa ọpọlọ, irú èyí tó wà ní CNHU ní Kútọnu. Ẹ mú ẹni tó ń bá a gbé dání, torí pé aláìsàn fúnra rẹ̀ lè ní kò sóhun tó ṣe òun. Ẹ kó gbogbo oògùn tó ń lò sínú àpò kan lọ, títí kan àgbo àti oògùn tí ẹ rà lọ́wọ́ àwọn tó ń kiri ọjà. Ẹ má fi nǹkan kan pamọ́.

Ṣé oògùn wà?

A kò ní parọ́ fún yín: kò tíì sí oògùn tó lè wo àrùn Alzheimer sàn pátápátá. Àwọn oògùn kan wà, bíi *donépézil* àti *mémantine*, tó lè ran àwọn kan lọ́wọ́ díẹ̀ fún ìgbà díẹ̀. Ní ilẹ̀ Faransé, láti ọjọ́ kìíní oṣù kẹjọ ọdún 2018, ìjọba kò dá owó àwọn oògùn yìí padà fún aláìsàn mọ́, torí wọ́n ní àǹfààní wọn kò tó. Torí náà, ẹ̀yin tí ẹ ní ọmọ ní Paris, ẹ má rò pé ẹ ti ṣe láìdáa torí pé ẹ kò lówó oògùn náà. Ẹ má sì ta ilẹ̀ torí ẹni tó ní òun máa wò ó sàn ní ọjọ́ méje.

Ìkìlọ̀ kan: ẹ má máa fún àgbà ní oògùn oorun tí dókítà kò kọ, kí ilé lè dákẹ́ lóru. Ó lè gbé e ṣubú, ó sì lè mú kí iyè rẹ̀ túbọ̀ ra.

Ohun tó ń ṣiṣẹ́ jù ni ìtọ́jú tó ń gbà nílé. Ọwọ́ yín ló wà.

Bá a ṣe lè máa tọ́jú wọn

*Ọ̀rọ̀ ẹnu.* Ẹ má bá wọn jiyàn, ẹ kò ní borí. Bí ìyá bá ní, "Níbo ni ìyá mi wà?" ẹ má ṣe dáhùn pé, "Ìyá yín ti kú tipẹ́!" Lójú rẹ̀, òní ló ṣẹ̀ṣẹ̀ gbọ́ ọ, á sunkún, á gbàgbé, á tún bi yín, ẹ óò tún pa á lẹ́kún. Ẹ sọ pé, "Àárò ìyá yín ń sọ yín, àbí? Kí ni wọ́n máa ń sè fún yín?" Ọkàn rẹ̀ á balẹ̀.

Ẹ wá síwájú rẹ̀ kẹ́ ẹ tó sọ̀rọ̀, ẹ bẹ̀rẹ̀, ẹ pè é bẹ́ ẹ ṣe máa ń pè é. Ìbéèrè kan lẹ́ẹ̀kan. "Kí lẹ fẹ́ jẹ?" ti pọ̀ jù, "Ẹ̀kọ ni àbí iṣu?" ló dáa. Bí bàbá tó jẹ́ olùkọ́ tẹ́lẹ̀ kò bá gbọ́ Faransé mọ́, ẹ má yà á lẹ́nu: èdè tí èèyàn kọ́ kẹ́yìn ló sábà máa ń kọ́kọ́ lọ. Ẹ bá a sọ èdè ilé. Ẹ kì í ní oríkì rẹ̀, ẹ kọ orin ìgbà èwe rẹ̀. Ẹni tí kò mọ orúkọ ọmọ rẹ̀ mọ́ lè gbe orin tẹ́ ẹ dá láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin.

*Iṣẹ́ òòjọ́.* Kí gbogbo nǹkan máa bọ́ sí àkókò kan náà lójoojúmọ́: jíjí, ìwẹ̀, oúnjẹ, ìsinmi. Ẹ má gba gbogbo iṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ jẹ́ kó ṣa ẹ̀wà, kó pa ẹ̀pà, kó bó ẹ̀gúsí. Bí kò bá tiẹ̀ mọ́ dáadáa, ẹ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ padà tún un ṣà nígbà tí kò sí níbẹ̀.

*Ìwẹ̀.* Ọ̀pọ̀ wọn ń bẹ̀rù omi, ojú sì ń tì wọ́n. Ẹ lo omi tó lọ́ wọ́ọ́rọ́, ẹ fi aṣọ bo ibi tí ẹ kò tíì wẹ̀, kí obìnrin wẹ ìyá, kí ọkùnrin wẹ bàbá bó bá ṣeé ṣe. Bó bá kọ̀, ẹ fi í sílẹ̀, ẹ padà wá lẹ́yìn wákàtí kan. Á ti gbàgbé pé òun kọ̀.

*Ilé ìyàgbẹ́.* Ẹ máa mú un lọ ní bí wákàtí méjì-méjì, kẹ́ ẹ má dúró dìgbà tó bá sọ. Ẹ wọ aṣọ tó rọrùn láti bọ́ fún un. Bó bá tọ̀ sára, ẹ má ṣe bá a wí níṣojú àwọn ọmọdé.

*Ewu inú ilé.* Ọ̀pọ̀ ilé lọ́dọ̀ wa ló ń kó epo kpayo sínú ìgò omi. Ẹni tí iyè rẹ̀ ti ra lè gbé e mu. Bẹ́ẹ̀ náà ni oògùn apakòkòrò tẹ́ ẹ fi ń ṣiṣẹ́ oko. Ẹ ti gbogbo wọn mọ́ inú àpótí. Ẹ dé kànga, ẹ pa iná ìdáná, ẹ kó àdá àti ọ̀bẹ kúrò nílẹ̀.

*Bó bá ń sọ nù.* Ẹ má ṣe fi okùn dè é. Ẹ sọ fún àwọn aládùúgbò, fún olórí àdúgbò, fún àwọn oní-zémidjan tó wà ní ìkóríta: "Tí ẹ bá rí bàbá wa lọ́nà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ mú wọn padà wálé." Ẹ rán nọ́ńbà tẹlifóònù yín mọ́ inú ẹ̀wù rẹ̀, kẹ́ ẹ sì ní fọ́tò rẹ̀ tuntun lọ́wọ́. Bó bá ti jáde, ọ̀nà oko àtijọ́ rẹ̀, ọjà tó ń ná tẹ́lẹ̀ àti agbo ilé tí wọ́n bí i sí ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ lọ wò. Ẹ jẹ́ kí rédíò àdúgbò kéde rẹ̀ lọ́jọ́ náà. Ẹ má dúró dọ̀la.

*Nígbà tó bá ti dé ìkẹyìn.* Ìgbà á dé tí kò ní lè rìn tàbí gbé oúnjẹ mì dáadáa mọ́. Kó jókòó kó tó jẹun. Ẹ má fún ẹni tó dùbúlẹ̀ ní oúnjẹ tàbí omi, kó má bàa gba ọ̀nà òfuurufú. Ẹ̀kọ tó rọ̀, díẹ̀díẹ̀, pẹ̀lú sùúrù. Ẹ máa yí i padà lórí ibùsùn ní bí wákàtí méjì-méjì kí egbò má bàa jẹ ẹ̀yìn rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ àti owó

Ó dunni, àmọ́ a gbọ́dọ̀ sọ ọ́. Àwọn kan máa ń dúró de ìgbà tí orí bàbá kò bá pé mọ́ kí wọ́n tó gbé ìwé *convention* wá fún un láti tẹ̀ka. Lọ́jọ́ kejì, bàbá kò rántí, ilẹ̀ ti lọ, ìjà ti wọ agbo ilé. Bẹ́ ẹ bá ti rí àmì àkọ́kọ́, nígbà tí àgbà ṣì lè sọ ohun tó wù ú, ẹ pe ẹbí jọ. Kó sọ níṣojú gbogbo ọmọ bó ṣe fẹ́ kí wọ́n ṣe dúkìá rẹ̀, ta ló fẹ́ kó tọ́jú òun, ibo ló fẹ́ kí wọ́n sin òun sí. Kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀, lọ́dọ̀ *notaire* bó bá ṣeé ṣe. Bí iyè bá sì ti ra pátápátá, ẹbí lè lọ sí kóòtù kí adájọ́ yan ẹni tó máa bójú tó ohun ìní rẹ̀. *Tutelle* ni wọ́n ń pè é.

Ta ló ń tọ́jú olùtọ́jú?

Nínú ọ̀pọ̀ ilé, obìnrin kan ṣoṣo ló ń ru ẹrù yìí: ọmọbìnrin àgbà, tàbí aya ọmọ. Kì í sùn lóru, kò lè lọ sọ́jà mọ́, owó òwò rẹ̀ ti tán, síbẹ̀ àwọn tó wà ní Kútọnu, ní Èkó àti ní Paris á máa tẹlifóònù, wọ́n á ní, "Ṣé ẹ ti fún màmá lóúnjẹ?" Kò dáa bẹ́ẹ̀.

Ẹ pín in. Kí ẹni tó wà lókèèrè máa fi iye kan ránṣẹ́ lóṣooṣù, kó má jẹ́ ìgbà tó bá rántí. Kí ẹni tó wà nítòsí gba ọjọ́ kan tàbí méjì lọ́sẹ̀, kí olùtọ́jú lè lọ sọ́jà, kó lọ síbi èsúsú rẹ̀, kó sùn. Nígbà ìsinmi, kí àwọn ọmọ tó wà nílùú ńlá wá gba iṣẹ́ náà fún ọ̀sẹ̀ méjì. Wọ́n á mọ ohun tó jẹ́. Bí olùtọ́jú bá ń sunkún lásán, tó ń pariwo mọ́ àgbà, tàbí tó ń ṣe é bíi kó nà án, ó ti rẹ̀ ẹ́ kọjá àlà. Kì í ṣe ọmọ burúkú. Ẹni tó máa gbà á sílẹ̀ ló ń wá.

Ohun tí àwa tí orí wa ṣì pé lè ṣe

Ní ọdún 2024, àwọn onímọ̀ tí ìwé ìròyìn ìṣègùn *The Lancet* kó jọ ka ohun 14 tó ń dá kún àrùn ìgbàgbé, tó sì ṣeé ṣe nǹkan sí. Wọ́n ní tí gbogbo ayé bá lè mú wọn kúrò, bí 45 nínú 100 àrùn yìí ni kò ní wáyé, tàbí tó máa pẹ́ kó tó dé. Nínú wọn la ti mú àwọn tó kàn wá gbọ̀ngbọ̀n:

– Ẹ jẹ́ kí wọ́n máa wọn *tension* yín, pàápàá láti ẹni 40 ọdún lọ sókè. Bí wọ́n bá fún yín lóògùn, ẹ máa lò ó lójoojúmọ́, kódà bí ara bá ń yá yín.

– Ẹ dín iyọ̀ àti kúùbù kù, ẹ dín ṣúgà kù, ẹ ṣọ́ra fún sódábì àti sìgá.

– Ẹ dé akoto tẹ́ ẹ bá gun alùpùpù. Orí tó fọ́ lónìí lè di iyè tó ra lọ́la.

– Bí etí àgbà bá ń di, tàbí tí ojú rẹ̀ ń ṣókùnkùn, ẹ mú un lọ sọ́dọ̀ dókítà. Ẹni tí kò gbọ́ràn tí kò sì ríran, ọpọlọ rẹ̀ kò ríṣẹ́ ṣe.

– Ẹ má fi àgbà sílẹ̀ lóun nìkan. Ayò títa, ìjókòó abẹ́ igi, ìpàdé ẹgbẹ́, oògùn ni gbogbo wọn.

– Ẹ rán ọmọ lọ síléèwé, ẹ má yọ ọmọbìnrin sílẹ̀. Ọpọlọ tó kàwé léwe máa ń lágbára ju àrùn yìí lọ fún ìgbà pípẹ́.

Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹsàn-án lọ́dọọdún, gbogbo ayé máa ń sọ̀rọ̀ nípa àrùn Alzheimer. Kí olórí abúlé, ìmáàmù, pásítọ̀ àti àwọn ìyálọ́jà wa ya àkókò sọ́tọ̀ lọ́jọ́ yẹn, kí wọ́n bá àwọn èèyàn sọ ọ́ ní èdè tó yé wọn. Bí ẹnì kan ṣoṣo ní abúlé bá mọ̀ pé àìsàn ni, ó lè dìde lọ́jọ́ tí wọ́n bá ń pariwo lé ìyá arúgbó lórí, kó ní, "Ẹ fi í sílẹ̀, àìsàn ló ń ṣe é, ẹ jẹ́ ká gbé e lọ sílé ìwòsàn." Ọ̀rọ̀ yẹn nìkan lè gba ẹ̀mí là.

Àwọn baba wa ní, bí òkété bá dàgbà, ọmú ọmọ rẹ̀ ni í mu. Àwọn tó kọ́ wa ní ọ̀rọ̀ sísọ ni ọ̀rọ̀ ń sọnù lẹ́nu wọn yìí. Àwọn tó fà wá lọ́wọ́ rìn ni kò mọ ọ̀nà ilé mọ́. Ó ti kan wa láti fà wọ́n lọ́wọ́.